Àsíá Tí Wọ́n Sọ̀ Kalẹ̀ ní Lọ́kọ́ja: Àrokò Ni Tàbí Ààlè?

Nígbà tí a rán àwa akẹ́kọ̀ọ́ jáde láti lọ fi iṣẹ́ olùkọ́ dánra wò, ilé-ìwé girama kan ní Lọ́kọ́ja ni orí gbé mi dé. Yorùbá àti Ìtàn ni mo ń kọ́ ní Kọ́lẹ́ẹ̀jì, ṣùgbọ́n Ìtàn ni wọ́n ní kí n mú níbẹ̀, nítorí pé ọmọ Ígálà, ọmọ Ebira, ọmọ Tápà àti ọmọ Ọ̀kun ni ó jọ kún inú kíláàsì náà. Ní ọ̀sẹ̀ kejì, mo kọ gbólóhùn kan sí ojú pátákó gẹ́gẹ́ bí mo ti bá a nínú ìwé: pé ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1900, ní Lọ́kọ́ja, wọ́n sọ àsíá Royal Niger Company kalẹ̀, wọ́n sì fa àsíá ìjọba Gẹ̀ẹ́sì sókè. Àwọn ọmọ ń dà á kọ. Ọmọbìnrin kan ní ìjókòó ẹ̀yìn nawọ́ sókè, ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, kí ni ó wà lára èyí tí wọ́n sọ̀ kalẹ̀?"

N kò mọ̀ ọ́n. Mo dá a lóhùn pé àsíá kọ́ńpìnnì ni, pé àmì òwò ni ó wà lára rẹ̀, kí ó jókòó. Ó jókòó, ó sì kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ pé àmì òwò ni. Èyí ni ó dùn mí jù lọ. Bí ó bá jẹ́ pé ó bá mi jiyàn ni, ara ìbá tù mí díẹ̀.

Ẹ̀yin olùkọ́ wa àti ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi lè béèrè pé kí ni ti àsíá kọ́ńpìnnì òyìnbó nínú ìwé ìròyìn Ẹ̀ka-Ẹ̀kọ́ Yorùbá. Ìdáhùn mi kò gùn. Àsíá náà ní ọ̀rọ̀ lára, ó ní àwòrán lára, àwọn tí ó ṣe é sì ní ohun tí wọ́n fẹ́ kí a gbọ́. Ohun tí ó bá ti ń sọ̀rọ̀, iṣẹ́ lámèyítọ́ ni láti bi í pé ta ni ó ń bá sọ̀rọ̀, àti pé òótọ́ ha ni ohun tí ó ń sọ. Kò sí ìdí tí a fi gbọ́dọ̀ fi ìbéèrè bẹ́ẹ̀ mọ sí ara ewì àti eré-onítàn nìkan.

Ohun tí ó yẹ kí n ti sọ fún ọmọ náà nìyí. Aṣọ funfun ni àsíá ọ̀hún. Ní igun òkè, lẹ́bàá ọ̀pá, Union Jack wà níbẹ̀ ní kékeré. Ní apá kejì, níbi tí atẹ́gùn ti máa ń fẹ́ aṣọ, àmì róbótó kan wà. Nínú àmì yìí ni wọ́n ya ohun tí ó dà bí lẹ́tà Y, ẹ̀ka méjì lókè, ìdí kan nísàlẹ̀, bí igi rọ́bà tí àwọn ọmọdé fi ń ta ẹyẹ. Ara apá kọ̀ọ̀kan ni wọ́n kọ ọ̀rọ̀ kan sí ní èdè Látìn: Pax, Jus, Ars. Pax ni àlàáfíà. Jus ni òfin, tàbí ẹ̀tọ́. Ars ni iṣẹ́ ọnà. Ṣùgbọ́n lẹ́nu àwọn tí ó ni èdè náà, ó ju àwòrán yíyà lọ, ìmọ̀ iṣẹ́ ọwọ́ gbogbo ni.

Ní ti Y náà, ẹni tí ó bá ti gun Òkè Patí rí, tí ó sì bojú wolẹ̀, kò ní í béèrè ìtumọ̀ rẹ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Odò Ọya ń bọ̀ láti àríwá, Odò Bẹ́núè ń bọ̀ láti ìlà-oòrùn, wọ́n pàdé lẹ́sẹ̀ Lọ́kọ́ja, wọ́n sì di ọ̀kan lọ sí òkun. Bí mo ti kà á nìyẹn, n kò sì rò pé ìkà mìíràn wà tí ó bá a mu tó bẹ́ẹ̀. George Goldie, ẹni tí ó dá ilé-iṣẹ́ náà sílẹ̀, ọmọ Isle of Man ni, erékùṣù kan tí ẹsẹ̀ mẹ́ta tí a so pọ̀ jẹ́ àmì rẹ̀ láti ayébáyé. Bóyá èyí wà lọ́kàn rẹ̀ pẹ̀lú, bóyá kò sí. Ó dáná sun ìwé rẹ̀ kí ó tó kú ní 1925, kò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ ìtàn ìgbé-ayé òun. Nítorí náà aṣọ fúnra rẹ̀ ni a ó bi léèrè.

Ìtàn bí aṣọ náà ṣe délẹ̀ kò ṣòro láti sọ. Ní 1877 ni Goldie kọ́kọ́ dé Odò Ọya. Ó bá àwọn oníṣòwò Gẹ̀ẹ́sì níbẹ̀ tí wọ́n ń ba ọjà ara wọn jẹ́, ó sì kó wọn pọ̀ di United African Company ní 1879. Ní 1882 ó yí orúkọ padà sí National African Company. Ní ọjọ́ 10 oṣù keje ọdún 1886, Ọbabìnrin Victoria fún un ní ìwé àṣẹ, ó sì di Royal Niger Company. Láti ìgbà náà ni oníṣòwò ti di ìjọba: ó lè gba owó ibodè, ó lè dá ẹjọ́, ó lè ní ọmọ ogun. Asaba ni ó fi ṣe olú-ìlú. Lọ́kọ́ja sì di ibùdó àwọn ọmọ ogun rẹ̀. Nínú ìwé àṣẹ náà gan-an ni wọ́n ti kọ ọ́ pé Kọ́ńpìnnì lè ta àsíá tirẹ̀ lórí ilé rẹ̀ àti lórí ọkọ̀ rẹ̀, níwọ̀n ìgbà tí àsíá náà bá ti fi hàn pé ti Gẹ̀ẹ́sì ni, tí àwọn ìjòyè ọbabìnrin sì fọwọ́ sí i. Ẹ fi èyí sọ́kàn, a ó tún padà bá a: òfin ni ó ní kí Union Jack wà ní igun aṣọ yẹn. Láti ọjọ́ àkọ́kọ́ ni ó ti wà níbẹ̀.

Ó yá, irú ọ̀rọ̀ wo ni aṣọ yìí ń sọ? Ohun tí ó kọ́kọ́ wá sí mi lọ́kàn ni àrokò. Gbogbo wa ni a kọ́ ọ ní ọdún àkọ́kọ́: ẹni tí ó bá di owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ẹni kan, ó ń sọ fún un pé ọkàn òun fà sí i; bí onítọ̀hún bá dá mẹ́jọ padà, ó ń wí pé ọ̀rọ̀ àwọn jọ. Owó ẹyọ kò ní ẹnu. Etí Yorùbá tí ó gbọ́ "fà" nínú ẹẹ́fà, tí ó sì gbọ́ "jọ" nínú ẹẹ́jọ, ni ó ń fún un ní ẹnu. Bí a bá di ẹyọ mẹ́fà yẹn ránṣẹ́ sí Àtá ní Ìdá láìsí ẹni tí yóò túmọ̀ rẹ̀, ẹyọ mẹ́fà lásán ni yóò gbà. Àrokò kì í ṣiṣẹ́ láìjẹ́ pé ẹni tí ó rán an àti ẹni tí a rán an sí jọ mọ ohun kan náà.

Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, àsíá Kọ́ńpìnnì kì í ṣe àrokò sí wa. Àwọn apẹja Gbẹ̀bẹ̀ kò gbọ́ Látìn. Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther, tí ó dá iṣẹ́ Ọlọ́run sílẹ̀ ní Gbẹ̀bẹ̀ àti ní Lọ́kọ́ja, gbọ́ ọ. Ṣùgbọ́n ẹyọ ẹnì kan ni, ọdún 1891 ni ó sì kú. Wọn ò kọ ọ́ ní Tápà, wọn ò kọ ọ́ ní Ígálà, wọn ò kọ ọ́ ní Hausa ní ọ̀nà àjàmí tí àwọn onímọ̀ inú ìlú ìbá lè kà. N ò gbàgbé pé àṣà àwọn òyìnbó ni láti fi Látìn sára àmì wọn, bí ó tilẹ̀ jẹ́ ní ìlú tiwọn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ń bá ni sọ̀rọ̀ a máa wá èdè tí ó yé ni. Kọ́ńpìnnì rí ògbufọ̀ nígbà tí ó fẹ́ kí àwọn ọba fọwọ́ sí ìwé àdéhùn.

Mo wá rò ó dáadáa, mo rí i pé ààlè ni.

Ẹni tí ó ṣẹ́gi sílẹ̀ lóko, tí kò tí ì lè rù ú délé, a fi nǹkan sí orí rẹ̀: àkísà, ìkarahun ìgbín, mọ̀rìwò. Ẹni tí ó bá ń kọjá lọ, bí ó bá rí i, yóò mọ̀ pé ohun tí ó ní olówó ni. Ààlè kì í bá igi sọ̀rọ̀, kì í sì í bá iṣu sọ̀rọ̀. Ẹni tí ń kọjá lọ ni ó ń bá sọ̀rọ̀. Ta ni ń kọjá lọ ní Odò Ọya nígbà náà? Faransé ni, Jámánì sì ń yọjú. Ẹ wo ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ilẹ̀ Ìbàrìbá. Ní ọjọ́ 10 oṣù kọkànlá ọdún 1894, Frederick Lugard, tí ó ń ṣiṣẹ́ fún Kọ́ńpìnnì nígbà náà, gba ìwé àdéhùn ní Nikki. Kí oṣù náà tó parí, Decoeur ará Faransé dé, ó sì gba tirẹ̀ ní ìlú kan náà. Ní 1897 àwọn ọmọ ogun Faransé wọ Bùsà. Ní 1898 àwọn ọmọ ogun tí Lugard ṣẹ̀ṣẹ̀ kó jọ fún ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, West African Frontier Force, gòkè lọ sí ibẹ̀, ó sì di pé abúlé yìí ta àsíá Faransé, abúlé tí ó kàn án ta ti Gẹ̀ẹ́sì, tí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì ń wo ara wọn lójú. Ọjọ́ 14 oṣù kẹfà ọdún náà ni wọ́n pín in ní Páríìsì. Nínú gbogbo èyí, èmi kò rí ibi tí àsíá kankan ti yíjú sí àwọn Ìbàrìbá. Wọ́n dà bí iṣu tí ààlè méjì wà lórí rẹ̀.

Ìyàtọ̀ kan péré ni ó wà, ó sì tóbi. Ní ilẹ̀ wa, olóko ni ó ń so ààlè. Ẹni tí ó bá so ó mọ́ oko olóko, a ní orúkọ tí à ń pè é.

Ẹnìkan yóò ní, bí ó bá jẹ́ ààlè lásán, kí ni àwọn ọ̀rọ̀ mẹ́ta náà ń ṣe lára rẹ̀? Faransé kò nílò kí a sọ fún un nípa àlàáfíà àti òfin. Lójú tèmi, Lọ́ńdọ̀nù ni ọ̀rọ̀ wọ̀nyí ń bá sọ̀rọ̀: ìjọba tí ó fún un ní ìwé àṣẹ, àwọn aṣòfin tí wọ́n lè gbà á padà, àwọn tí wọ́n kó owó lé iṣẹ́ náà. Wọ́n ní láti gbà pé ìjọba ni, kì í ṣe ṣọ́ọ̀bù. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá kọ ọ̀rọ̀ sára aṣọ tí ó sì tà á sókè ti fún wa ní ohun tí a ó fi wọ̀n ọ́n. Ẹ jẹ́ kí a gbé e sórí ìwọ̀n.

Pax ni ó le jù fún mi, nítorí pé ọmọ Ọ̀kun ni mí. Ní ìlú wa, àwọn àgbà ṣì ń tọ́ka sí orí òkè tí àwọn baba ńlá wa sá sí nígbà tí àwọn ẹlẹ́ṣin Tápà ń wá kó ènìyàn lẹ́rú. Nínú oṣù kìíní ọdún 1897, Goldie fúnra rẹ̀ kó àwọn ọmọ ogun Kọ́ńpìnnì, tí wọ́n lé díẹ̀ ní 500, kúrò ní Lọ́kọ́ja. Wọ́n dé Kàbà, ó sì sọ fún àwọn ènìyàn wa pé wọ́n ti bọ́ lọ́wọ́ Bídà. Láti ibẹ̀ wọ́n yí padà sí Bídà. Ọjọ́ 26 àti 27 oṣù náà ni wọ́n fi ìbọn ńláńlá àti ìbọn Maxim ṣẹ́gun ọmọ ogun tí ó pọ̀ jù wọ́n lọ lọ́nà púpọ̀. Nínú oṣù kejì wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀ fún Ìlọrin. Èmi kò ní í purọ́ kí ọ̀rọ̀ mi lè dùn: ìtura ni ó jẹ́ fún wa. Ìyá ìyá mi kò bá Goldie jà. Ṣùgbọ́n nínú kíláàsì mi, ọmọ Bídà kan jókòó ti ọmọ Kàbà kan, ìwé kan ni wọ́n jọ ń wò. Bí mo bá ní Goldie mú àlàáfíà wá, èwo nínú wọn ni mo ń bá sọ̀rọ̀? Àlàáfíà náà pàápàá kò sì dúró. Kọ́ńpìnnì kò ní ènìyàn tí yóò fi sílẹ̀ ṣọ́ Bídà. Bí àwọn ọmọ ogun ti yí ẹ̀yìn padà, Etsu Abúbákárì tí wọ́n lé jáde tún padà sórí oyè rẹ̀, ó sì di 1901 kí Lugard tó yọ ọ́. Ohun tí ó bá ọmọ ogun wá, tí ó sì bá ọmọ ogun lọ, ìṣẹ́gun ni mo mọ̀ ọ́n sí.

Láti wọn Jus, ẹ jẹ́ kí a tẹ̀lé ìdí Y náà lọ sísàlẹ̀, títí dé ibi tí odò ti wọ òkun. Àwọn ará Nembe, tí àwọn òyìnbó ń pè ní Brass, ti ń gòkè odò lọ ra epo láti ọjọ́ pípẹ́, wọn a sì tà á fún àwọn oníṣòwò òkun. Ìwé àṣẹ 1886 sọ kedere pé Kọ́ńpìnnì kò gbọ́dọ̀ dá ọjà náà jẹ. Ohun tí Kọ́ńpìnnì ṣe ni pé ó fa ààlà, ó ní àwọn ará Nembe wà lẹ́yìn ààlà, nítorí náà àlejò ni wọ́n lórí odò tí baba wọn ń tù. Kí àlejò tó lè ṣòwò, yóò san pọ́n-ùn 50 lọ́dún fún ìwé ìyọ̀ǹda, yóò tún san owó mìíràn lórí ibùsọ̀ òwò rẹ̀, yóò sì san ju ìyẹn lọ bí ó bá fẹ́ ta ọtí. Kọ́ńpìnnì ni ó ń tà, òun ni ó ń gba owó ibodè, òun náà ni adájọ́. Ebi wọ ilé àwọn ará Nembe.

Ní òwúrọ̀ kùtùkùtù ọjọ́ 29 oṣù kìíní ọdún 1895, Ọba Koko kó ọkọ̀ ogun pẹ̀lú ènìyàn tí ó ju 1,000 lọ, ó kọlu Akassa níbi tí ilé-ìkẹ́rùsí Kọ́ńpìnnì wà lẹ́nu òkun. Wọ́n ba ibẹ̀ jẹ́, wọ́n kó ènìyàn lọ, wọ́n sì pa púpọ̀ nínú àwọn tí wọ́n kó. Ohun búburú ni, èmi kò ní í bò ó mọ́lẹ̀. Àwọn tí wọ́n pa kì í ṣe àwọn ọ̀gá Kọ́ńpìnnì. Àwọn òṣìṣẹ́ aláwọ̀ dúdú bíi tiwọn ni. Nínú oṣù kejì, àwọn ọkọ̀ ogun ìjọba Gẹ̀ẹ́sì sun Nembe. Lẹ́yìn náà ni Lọ́ńdọ̀nù wá rán Sir John Kirk láti wádìí, ìwádìí rẹ̀ sì fi hàn pé òfin Kọ́ńpìnnì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ sé ọ̀nà òwò pa mọ́ wọn pátápátá. A sun ìlú ná, a tó wá wádìí. Koko kò padà sórí oyè. Níbi tí ó sá pamọ́ sí ni ó kú sí ní 1898. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ ìtumọ̀ Jus lára àsíá yẹn, kí ó lọ ka ọ̀rọ̀ Akassa. Ọ̀rọ̀ náà ní ìtumọ̀ méjì tẹ́lẹ̀, òfin àti ẹ̀tọ́. Kọ́ńpìnnì mú ọ̀kan, ó fi èkejì sílẹ̀.

Ars kò ní gbà wá lákòókò púpọ̀. Kọ́ńpìnnì kó aṣọ, iyọ̀, ìbọn àti ọtí wá, ó kó epo, òrí àti eyín erin lọ. Kì í ṣe òun ni ó kọ́ Bídà ní iṣẹ́ idẹ àti gíláàsì. Kì í ṣe òun ni ó kọ́ àwọn obìnrin Búnú bí a ṣe ń hun aṣọ pupa tí a fi ń sin àwọn ènìyàn ńlá. Ní ti àwọn obìnrin Búnú yìí, wọn a máa ra aṣọ pupa tí ó ti òkèèrè wá, wọn a tú u ní fọ́nrán-fọ́nrán, wọn a sì fi òwú rẹ̀ hun tiwọn. Ọwọ́ tí ó lè tú aṣọ òyìnbó kí ó sì sọ ọ́ di aṣọ ìsìnkú àgbà kò nílò kí ẹnikẹ́ni fi Látìn kéde iṣẹ́ ọnà fún un.

Wàyí o, kí a padà sí Lọ́kọ́ja. Ní ọjọ́ kìíní ọdún 1900, Lugard tò àwọn ọmọ ogun, ó ka ìkéde, wọ́n sọ àsíá Kọ́ńpìnnì kalẹ̀, wọ́n fa Union Jack sókè. Ó di Àríwá Nàìjíríà, pẹ̀lú Lugard gẹ́gẹ́ bí aláṣẹ rẹ̀. Ohun tí Kọ́ńpìnnì ní láti agbègbè Ìdá sókè bọ́ sí Àríwá, ti ìsàlẹ̀ bọ́ sí Gúúsù. Báyìí ni Kàbà àti Ìlọrin ṣe bọ́ sí Àríwá, tí Èkìtì tí a jọ pààlà sì wà ní ìhà kejì.

Gbólóhùn inú ìwé wa mú kí ó dà bí ẹni pé ohun kan lọ, ohun mìíràn sì dé ní òwúrọ̀ yẹn. Mo ní kí ẹ rántí igun àsíá náà. Union Jack ti wà níbẹ̀ láti ìgbà ìwé àṣẹ. Kì í ṣe àlejò ní 1900. Ó kàn ti igun kúrò, ó sì gba gbogbo aṣọ ni. Ohun tí ó lọ gan-an ni Y àti ọ̀rọ̀ mẹ́ta. Odò wa méjèèjì, tí ó jẹ́ ohun kan ṣoṣo tí ó ti ilẹ̀ yìí wá lára aṣọ náà, ni wọ́n sọ̀ kalẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí a ìbá máa fi wọn ìjọba tuntun ni wọ́n sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀. Lára Union Jack, kò sí ibì kan tí a ti ṣèlérí àlàáfíà, òfin tàbí iṣẹ́ ọnà fún ẹnikẹ́ni. Ọwọ́ tí ó ka ìkéde náà, Lugard, ni ọwọ́ tí ó gba àdéhùn Nikki fún Kọ́ńpìnnì ní ọdún márùn-ún ṣáájú.

Owó tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì san fún Kọ́ńpìnnì jẹ́ pọ́n-ùn 865,000. Àwọn ọ̀dọ́ fẹ́ràn láti máa sọ pé iye tí wọ́n ta Nàìjíríà nìyẹn. Gbólóhùn náà dùn lẹ́nu, kò tọ̀nà. Kò sí orílẹ̀-èdè tí ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ nígbà náà; orúkọ náà pàápàá, inú ìwé ìròyìn Times ti ọjọ́ 8 oṣù kìíní ọdún 1897 ni Flora Shaw, tí ó di ìyàwó Lugard lẹ́yìn náà, ti kọ ọ́ pé kí a máa lò ó. Ohun tí wọ́n rà ni àṣẹ àti ẹ̀tọ́ tí wọ́n fúnra wọn fi fún Kọ́ńpìnnì ní 1886, pẹ̀lú àwọn ohun èlò ìṣèjọba rẹ̀. Ó wá burú jù títa lọ, bí a bá rò ó: ẹni tí ó fúnni lóko olóko ni ó tún ra á padà, olóko kò sì gba kọ́bọ̀. Kọ́ńpìnnì tún gba ìdajì owó ohun àmúṣọrọ̀ inú ilẹ̀ ní apá kan Àríwá fún ọdún 99. Òwò rẹ̀ kò sì dúró. Lever Brothers rà á ní 1920. Ní 1929 ó wọ inú UAC. Àwọn ọmọ tí ń ta Gala fún àwọn èrò ọkọ̀ lójú ọ̀nà Lọ́kọ́ja kò mọ̀ pé ilé-iṣẹ́ tí ó ń ṣe ohun tí ó wà lórí àwo wọn ní ìtàn pẹ̀lú odò tí ó wà lẹ́yìn wọn.

Ibi tí ó yà mí lẹ́nu jù nínú ìwádìí mi ni mo fi sẹ́yìn. Lẹ́yìn 1914, àmì tí wọ́n fi sí ara àsíá Nàìjíríà jẹ́ ìràwọ̀ oní-igun mẹ́fà àti adé. Odò kò sí níbẹ̀. Ní 1960 a gba òmìnira, a ní àmì ìdánimọ̀ tiwa, èyí tí ó wà lára ìwé ìrìnnà wa àti lára ògiri gbogbo ọ́fíìsì ìjọba: asà dúdú, ẹṣin funfun méjì, ẹyẹ idì pupa lókè. Kí ni ó wà lórí asà náà? Y funfun kan tí ó ń rú bí omi. Odò Ọya àti Odò Bẹ́núè ti padà. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ sí ìsàlẹ̀ rẹ̀ títí di 1978 sì jẹ́ mẹ́ta: Àlàáfíà, Ìṣọ̀kan, Òmìnira. Mẹ́ta, àlàáfíà sì ni ó ṣáájú. N kò sọ pé ara àsíá Goldie ni wọ́n ti wò ó. Ẹni tí ó bá ya Lọ́kọ́ja yóò ya Y, kò sí bí yóò ṣe ṣe é. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ìlérí tún padà sórí odò, ní èdè Gẹ̀ẹ́sì lọ́tẹ̀ yìí, iṣẹ́ lámèyítọ́ kò sì tí ì parí.

Bákan náà ni Táíwò Akínkúnmi, ọmọ Yorùbá tí ó ya àsíá aláwọ̀ ewé àti funfun wa nígbà tí ó ń kẹ́kọ̀ọ́ ní Lọ́ńdọ̀nù, tí ó sì kú ní 2023, ya oòrùn pupa sí àárín funfun náà. Àwọn tí ó yẹ̀ ẹ́ wò yọ oòrùn kúrò. Mo rò pé ó yẹ kí a máa kọ́ àwọn ọmọ ní ohun tí a yọ kúrò lára àsíá, kì í ṣe ohun tí ó kù nìkan.

Ní ọ̀sẹ̀ tí ó kẹ́yìn ìdánrawò náà, mo padà sí ẹ̀kọ́ yẹn. Mo ya àsíá Kọ́ńpìnnì sí ojú pátákó bí agbára mi ti mọ, Y náà wọ́ díẹ̀. Ọmọ Ígálà kan kígbe láti iwájú pé, "Sà, odò wa nìyẹn!" kí n tó sọ ohunkóhun. Mo kọ ọ̀rọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta síbẹ̀, mo túmọ̀ wọn, mo sọ ti Kàbà, ti Bídà àti ti Akassa. Lẹ́yìn náà ni mo lọ bá ọmọbìnrin ìjókòó ẹ̀yìn, mo bi í bóyá ohun tí mo sọ fún un lọ́jọ́sí ṣì wà nínú ìwé rẹ̀. Ó ṣí ìwé náà wò, ó ní ó wà níbẹ̀. Mo ní kí ó fagi lé e.